Ọmọ Onísìmẹ́ńtì Tí Gíga Rẹ̀ Di Iṣẹ́

Ẹ̀yin ìyá ọlọ́jà, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́, ẹ sún mọ́bí kí ẹ gbọ́. Káfíńtà kan wà ní Ìkọ̀lé-Èkìtì tó bí ọmọkùnrin kan tí orí rẹ̀ ń kan àtẹ́rígbà ilé bàbá rẹ̀. Ọmọ ọdún 16 péré ni, ṣùgbọ́n bó bá dúró ti bàbá rẹ̀, bàbá ni yóò gbójú sókè. Àgùnfọn ni wọ́n ń pè é níléèwé. Ìyá rẹ̀ ń ta èlùbọ́ lọ́jà, bó bá sì rán an níṣẹ́ kọjá níwájú àwọn aláta, wọn a ní, "Ìyá elélùbọ́, àbí ajílẹ̀ lo fi ń se ọbẹ̀ fún ọmọ yìí ni?" Wọn a bú sẹ́rìn-ín. Ọmọ a tẹ ọrùn ba bí ẹni tó jí nǹkan.

Lọ́jọ́ kan nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, ọmọ yìí mú ìwé pélébé kan wá sí ṣọ́ọ̀bù bàbá rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì kan tó háyà yàrá nínú ilé wọn ló bá a kọ ọ́. Ìwọ̀n ló wà nínú rẹ̀: pákó tó fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà 6, tó ga ní ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta àbọ̀; irin róbótó tí àárín rẹ̀ jẹ́ íǹṣì 18; kí wọ́n sì gbé irin náà kọ́ ní ẹsẹ̀ bàtà 10 sí ilẹ̀.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa kàn án. Básíkẹ́ẹ̀tì la fẹ́ máa gbá."

Bàbá wo ìwé, ó wo ọmọ. "Ṣé èyí ni wọn yóò bi ọ́ ní wáẹ̀kì?"

"Rárá, sà."

"Ṣé pákó ti di ọ̀fẹ́ ní Ìkọ̀lé ni?"

"Rárá, sà."

"Ó dáa. Gbé ayùn yẹn fún mi, kí o sì padà sídìí ìwé rẹ."

Ọ̀rọ̀ ìbá parí síbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n ìyá ọmọ náà, tíṣà kan tó ti fẹ̀yìntì, wá láti Ìdó lọ́jọ́ yẹn láti kí àbúrò rẹ̀, ó sì jókòó sórí bẹ́ǹṣì nínú ṣọ́ọ̀bù níbẹ̀. Ó ní, "Àna mi, ẹ má tíì lé e. Ṣé ẹ gbọ́ ìtàn ọmọ onísìmẹ́ńtì Èkó rí?"

Káfíńtà ní òun ò gbọ́ ọ rí, àti pé bí ìtàn náà bá ti gùn, kí wọ́n jẹ́ kí òun máa fá pákó òun lọ bí òun ṣe ń gbọ́ ọ. Bàbá tíṣà gbà bẹ́ẹ̀. Ìtàn náà nìyí.

ỌMỌ SÀLÍMÙ ÀTI ÀBÍKẸ́

Ọjọ́ 21 oṣù Kìíní ọdún 1963 ni wọ́n bí Akeem Ọlájuwọ́n l'Ékòó. Sàlímù ni bàbá rẹ̀ ń jẹ́, Àbíkẹ́ ni ìyá rẹ̀. Sìmẹ́ńtì ni tọkọtaya náà ń tà. Ẹni tó bá ti ta sìmẹ́ńtì rí mọ̀ pé òwò tó ń ba aṣọ jẹ́ ni, eruku rẹ̀ kì í sì í kúrò nínú irun bọ̀rọ̀. Ẹni tí kò bá fi òótọ́ tà á, ẹnu àwọn bíríkìlà ni orúkọ rẹ̀ yóò ti kọ́kọ́ bàjẹ́. Ọlájuwọ́n fúnra rẹ̀ ti sọ ọ́ lójú ayé pé ọ̀dọ̀ àwọn òbí òun ni òun ti kọ́ òótọ́ ṣíṣe, iṣẹ́ àṣekára àti ọ̀wọ̀ fún àgbà.

Ọmọ náà ga, wọ́n sì fi í ṣe yẹ̀yẹ́ bí wọ́n ṣe ń fi ti Ìkọ̀lé yìí ṣe. Bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ ló ń gbá, gólì ni wọ́n máa ń fi í sí. Ó tún ń gbá bọ́ọ̀lù ọwọ́ tí wọ́n ń pè ní háńbọ́ọ̀lù. Ó ti lé lọ́mọ ọdún 15, ó ti wà ní Muslim Teachers' College l'Ékòó, kó tó fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀. Ẹ rò ó wò o! Àwọn ọmọ Amẹ́ríkà ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń gbá a láti kékeré.

Nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, akọ́nimọ̀ọ́gbá kan fẹ́ kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń fò sókè ki bọ́ọ̀lù bọ inú àwọ̀n. Ọkùnrin náà kò ga tó bẹ́ẹ̀, ló bá gun àga, ó dúró lé e, ó ki bọ́ọ̀lù wọlé. Ó ní, "Ó yá, ìwọ náà ṣe é." Ọmọ gíga sún mọ́ àga, òun náà gùn ún! Wọ́n ní kó sọ̀ kalẹ̀, pé ilẹ̀ ni kó ti fò. Nígbà tó fò láti ilẹ̀, kò lè ki bọ́ọ̀lù náà wọlé. Ẹni tí ayé wá mọ̀ kárí ayé nídìí eré yìí nìyẹn o.

Ọ̀rọ̀ apẹ̀rẹ̀ yìí náà kì í ṣe àsọdùn. Lọ́dún 1891, ní ìlú Springfield l'Amẹ́ríkà, tíṣà kan tó ń jẹ́ James Naismith ló dá eré yìí sílẹ̀. Apẹ̀rẹ̀ tí wọ́n fi ń kó èso ló kàn mọ́ òkè inú gbọ̀ngàn, ẹsẹ̀ bàtà 10 sí ilẹ̀. Kò gé ìdí apẹ̀rẹ̀. Bí bọ́ọ̀lù bá ti wọlé, ẹnì kan ní láti gun àkàsọ̀ lọ mú un jáde. Nígbà tí bàbá tíṣà dé ibí yìí, ìyá elélùbọ́ tó gbé oúnjẹ ọ̀sán wá rẹ́rìn-ín títí, ó ní ó dájú pé ọkùnrin ló ronú irú nǹkan bẹ́ẹ̀, obìnrin ìbá ti gé ìdí apẹ̀rẹ̀ láti àárọ̀.

ÒTÚTÙ NEW YORK, ỌMỌ IṢẸ́ HOUSTON

Lọ́dún 1980, Akeem wọ bàálù lọ sí Amẹ́ríkà láti wá yunifásítì tí yóò gbà á. New York ló kọ́kọ́ balẹ̀ sí. Bó ti jáde, òtútù gbá a mú bí olè. Kò dúró gbọ́ àlàyé, ó wọ bàálù mìíràn lọ sí Houston ní ìpínlẹ̀ Texas, níbi tí oòrùn ti ń ràn. Nígbà tó dé ibẹ̀, kò sẹ́ni tó wá pàdé rẹ̀. Kóòṣì yunifásítì náà, Guy Lewis, ní kó wọ takisí máa bọ̀.

Wọ́n gbà á, ṣùgbọ́n odidi ọdún kan ni wọn kò fi jẹ́ kó gbá ìdíje kankan. Kó máa jẹun, kó máa gbára jọ, kó máa kọ́ṣẹ́. Àwọn ọ̀gá oníṣẹ́ ọwọ́ yóò mọ ohun tí èyí jẹ́: ọdún tí ọmọ iṣẹ́ ń gbá ṣọ́ọ̀bù, tí kò tíì gba ayùn.

Ó rí ọ̀gá gidi kan nílùú náà. Moses Malone lorúkọ rẹ̀, ó ń gbá bọ́ọ̀lù jẹun nínú ẹgbẹ́ Houston Rockets, òun sì wà lára àwọn tó le jù l'Amẹ́ríkà nígbà náà. Ní ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn wọn, pápá kan tó ń jẹ́ Fonde ni wọ́n máa ń pàdé, kì í ṣe tìwé ìròyìn, kì í ṣe towó. Malone a fi èjìká gbún ọmọ Èkó náà, a tì í, a gba bọ́ọ̀lù lọ́wọ́ rẹ̀. Bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Ọlájuwọ́n ti sọ ọ́ pé ìyà tí Malone fi jẹ òun ló kọ́ òun níṣẹ́.

Ṣùgbọ́n ohun tó mú un yàtọ̀ sí gbogbo àwọn òmìrán ibẹ̀, Èkó ló ti gbé e lọ. Gólì ló jẹ́, ẹsẹ̀ rẹ̀ yá. Bó bá gba bọ́ọ̀lù, a ṣe bí ẹni fẹ́ yà sọ́tùn-ún, a yí sósì, a tún ṣe bí ẹni fẹ́ fò, a dúró. Ẹni tó ń ṣọ́ ọ a ti fò lásán, a ti balẹ̀, òun a wá rọra ju bọ́ọ̀lù wọ àwọ̀n. Dream Shake ni àwọn Amẹ́ríkà pè é. Kóòṣì Lewis ló sọ pé bí ọmọ náà ṣe ń ki bọ́ọ̀lù wọlé dà bí àlá, ló bá di "The Dream". Akẹ́kọ̀ọ́ tó háyà yàrá ní Ìkọ̀lé fi fóònù hàn wọ́n lọ́jọ́ náà. Káfíńtà gbé pléènì rẹ̀ sílẹ̀, ó wò ó lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Ó ní, "Ọkùnrin yìí purọ́ pẹ̀lú èjìká."

Ìyà kò tíì tán o. Lọ́dún 1982, ẹgbẹ́ yunifásítì rẹ̀ dé ìpele tó ṣáájú àṣekágbá, wọ́n ṣubú. Lọ́dún 1983, wọ́n dé àṣekágbá, wọ́n fi àmì 54 sí 52 fẹ̀yìn wọn gbálẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá tó kẹ́yìn pátápátá. Síbẹ̀ Ọlájuwọ́n ni wọ́n fún ní ẹ̀bùn agbábọ́ọ̀lù tó dára jù nínú ìdíje náà. Kí ni èèyàn fẹ́ fi ẹ̀bùn ṣe nígbà tí omijé ń bọ́? Lọ́dún 1984, wọ́n tún dé àṣekágbá, wọ́n tún ṣubú.

Lọ́dún yẹn kan náà ni àwọn ẹgbẹ́ tó ń fi bọ́ọ̀lù jẹun mú àwọn ọmọ tuntun. Ẹni àkọ́kọ́ tí wọ́n pè ni Ọlájuwọ́n, Houston Rockets ló mú un. Ẹni kẹta ni Michael Jordan. Káfíńtà bi í pé, "Ṣé ó parí yunifásítì rẹ̀ kó tó lọ?" Bàbá tíṣà kò lè purọ́. Ó ní ó kù kó tún fi ọdún kan gbá bọ́ọ̀lù fún yunifásítì náà nígbà tó jáde. Káfíńtà wo ọmọ rẹ̀ tó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó wí pé, "O gbọ́? Ìyẹn nìkan ni o kò gbọdọ̀ kọ́."

ỌDÚN MẸ́WÀÁ KÍ IFE TÓ DÉ

Lọ́dún 1986, Rockets dé àṣekágbá ilẹ̀ Amẹ́ríkà, Boston Celtics lù wọ́n mẹ́rin sí méjì. Lẹ́yìn èyí, ọdún ń gorí ọdún. Lọ́dún 1991 ó fi lẹ́tà H síwájú orúkọ rẹ̀, Akeem di Hakeem, bó ṣe yẹ kí wọ́n máa kọ ọ́ láti ilẹ̀. Ó tún padà gbé ẹ̀sìn Islam tí wọ́n fi tọ́ ọ dàgbà dání gírígírí. Lọ́dún 1992, òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ jà débi tó fi ní kí wọ́n tà òun lọ síbòmíràn, ṣùgbọ́n wọ́n padà parí ìjà náà. Lọ́dún 1993 ó di ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà.

Ọdún 1994 ló wá tó. Ọmọ ọdún 31 ni. Houston àti New York Knicks pàdé ní àṣekágbá, ẹni tó bá kọ́kọ́ yege lẹ́ẹ̀mẹ́rin ló ni ife. New York ti ní mẹ́ta, Houston ní méjì. Nínú ìdíje kẹfà, Houston fi àmì méjì péré ṣáájú, 86 sí 84, ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ló kù. John Starks ti New York fò sókè láti ọ̀nà jíjìn, bọ́ọ̀lù tó ń jẹ́ àmì mẹ́ta. Bó bá wọlé, ó parí! Ọlájuwọ́n sá tẹ̀ lé e, ó na apá, ìka rẹ̀ kàn bọ́ọ̀lù náà díẹ̀ báyìí. Bọ́ọ̀lù ṣubú kúrò lọ́nà. Ní ìdíje keje, Houston jẹ́ 90, New York jẹ́ 84. Gíga tí wọ́n fi ń ṣe é ní yẹ̀yẹ́ l'Ékòó, ìwọ̀n orí ìka kan nínú rẹ̀ ló gba ife náà.

Lọ́dún yẹn, òun ni wọ́n pè ní agbábọ́ọ̀lù tó dára jù, òun ni wọ́n pè ní ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣọ́ jù, òun náà ni wọ́n tún fún ní ẹ̀bùn àṣekágbá. Títí di òní, kò tíì sí ẹlòmíràn tó kó mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀ lọ́dún kan. Nígbà tí wọ́n fẹ́ gbé ẹ̀bùn àkọ́kọ́ lé e lọ́wọ́, ó pe àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jáde kí wọ́n jọ dì í mú. Lọ́dún 1995 wọ́n tún gba ife náà, wọ́n lu Orlando Magic mẹ́rin sí òdo.

Nínú oṣù Kejì ọdún 1995 yìí ni ààwẹ̀ Ramadan bọ́ sí. Ọkùnrin náà kò jẹ, kò mu, títí kan omi, ó sì ń lọ gbá bọ́ọ̀lù. Òun ni wọ́n yàn ní agbábọ́ọ̀lù oṣù náà.

Ṣùgbọ́n ohun tó dùn mọ́ ìyá elélùbọ́ nínú jù nínú gbogbo ìtàn yìí kì í ṣe ife. Ọ̀rọ̀ bàtà ni. Nígbà náà, àwọn ilé iṣẹ́ bàtà ń fi orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù ta bàtà tó lé ní 100 dọ́là, àwọn ọmọ tálákà sì ń fi ẹkún gba owó lọ́wọ́ ìyá wọn, àwọn mìíràn ń jà, wọ́n ń jalè nítorí rẹ̀. Ọlájuwọ́n lọ fi orúkọ rẹ̀ sára bàtà Spalding tó jẹ́ bíi dọ́là 35. Ó bi wọ́n léèrè pé ìyá tó ń ṣiṣẹ́ kíkorò, tó ní ọmọkùnrin mẹ́ta, báwo ni yóò ṣe ra bàtà olówó gọbọi yẹn fún wọn? Ìyá elélùbọ́ na ọwọ́ sókè, ó ní, "Ìyá tó bí i mọ̀ ọ́n tọ́! Ẹni tí wọ́n tọ́ nídìí ọjà ló lè ro bẹ́ẹ̀." Èèyàn mélòó nínú àwọn tó lówó l'óde òní ló lè rántí iye tó wà nínú pọ́ọ̀sì ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta?

Ọjọ́ 3 oṣù Kẹjọ ọdún 1996 tún wà níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan ṣoṣo yìí, nínú eré Olympics tó wáyé l'Amẹ́ríkà, bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ Nàìjíríà lu Argentina 3 sí 2, wọ́n gba góòlù. Ọlájuwọ́n náà gba góòlù lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n Amẹ́ríkà ló gbá bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ fún, wọ́n lu Yugoslavia 95 sí 69. Nítorí pé ó ti gbá fún àwọn ọ̀dọ́ Nàìjíríà rí, ńṣe ni àwọn àjọ àgbáyé ní láti yọ̀ǹda fún un. Àwọn kan bínú sí i nílé, wọ́n ní ọmọ wa fi wá sílẹ̀. Nàìjíríà kò sì kó ẹgbẹ́ ọkùnrin lọ sí Olympics nídìí básíkẹ́ẹ̀tì títí di ọdún 2012. Ìbínú wọn kò ṣàìnídìí, ṣùgbọ́n ẹni tó fi ọmọ rẹ̀ sọ́dọ̀ ọ̀gá fún ọdún 16 kò gbọdọ̀ yà á lẹ́nu bí ọmọ bá ń jẹ́ orúkọ ṣọ́ọ̀bù ọ̀gá. Oṣù méjì lẹ́yìn góòlù yìí ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀.

NÍGBÀ TÍ ARA KỌ̀

Níbi tí ìtàn dé yìí, káfíńtà dá pléènì dúró. Ó ní, "Gbogbo eléyìí dára. Ṣùgbọ́n bọ́ọ̀lù kì í ṣe iṣẹ́ tí èèyàn ń ṣe dàgbà. Èmi ni mò ń kan àga títí n ó fi kú. Nígbà tí eegun ọkùnrin yẹn bẹ̀rẹ̀ sí í dùn ún, kí ló jẹ?"

Ìbéèrè tó yẹ kí gbogbo bàbá béèrè nìyí.

Lọ́dún 2001 Rockets jẹ́ kó lọ sí Toronto ní Kánádà. Sáà kan ló gbá níbẹ̀, ẹ̀yìn ń dùn ún, lọ́dún 2002 ó fẹ̀yìntì. Sáà 18 ló fi gbá a. Àmì 26,946 ló jẹ. Ìgbà 3,830 ló fi ọwọ́ gbá bọ́ọ̀lù ẹlòmíràn dànù, láti ìgbà tí wọ́n sì ti ń ka irú rẹ̀, kò sẹ́ni tó tíì bá a. Rockets gbé aṣọ nọ́ńbà 34 rẹ̀ kọ́ sókè, wọ́n ní ẹnikẹ́ni kò tún gbọdọ̀ wọ̀ ọ́ mọ́. Lọ́dún 2008 wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sí ilé ìrántí àwọn akọni eré náà.

Ẹ̀yin ìyá aláàjò, ẹ gbọ́ ibi tó kàn yín. Kí ó tó fẹ̀yìntì ló ti ń ra ilẹ̀ àti ilé ní Houston. Owó tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ ló fi ń rà á, kò yá owó èlé, nítorí ẹ̀sìn rẹ̀ kọ èlé. Ẹni tó bá ti bọ́ sọ́wọ́ àwọn olówó gbọ̀mùlé l'Ọyẹ́ tàbí ní Ìkọ̀lé, tí wọ́n ti wá jókòó sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ láàárọ̀, yóò mọ iyì ohun tí wọ́n ń pè ní "owó lọ́wọ́, ilẹ̀ lọ́wọ́". Lọ́dún 1994 ló ra ilé báǹkì àtijọ́ kan láàárín ìlú náà, ó sọ ọ́ di mọ́ṣáláṣí. Àwọn agbábọ́ọ̀lù tó gba owó tó tó tirẹ̀, tó sì gbé e sórí ọkọ̀ àti àríyá títí wọ́n fi di onígbèsè, wọ́n pọ̀ l'Amẹ́ríkà.

Ó sì wá di ọ̀gá tó ń gba ọmọ iṣẹ́. Kobe Bryant lọ bá a lọ́dún 2009, ọkùnrin tó ti gba ife mẹ́rin nígbà náà. LeBron James lọ bá a lọ́dún 2011, ọdún tó tẹ̀ lé e ló gba ife tirẹ̀ àkọ́kọ́. Àwọn tí gbogbo ayé ń pè ní ọ̀gá, wọ́n lọ dúró níwájú ọmọ Sàlímù onísìmẹ́ńtì, wọ́n ní kó kọ́ àwọn bí èèyàn ṣe ń yí èjìká.

Àbúrò ọmọ náà obìnrin, tí kò tíì sọ̀rọ̀ láti àárọ̀, bi bàbá tíṣà pé, "Ọkùnrin nìkan ló ń gbá a ni?" Bàbá tíṣà ní áà, ìyẹn gan-an ni àwọn ọkùnrin wa kò fẹ́ gbọ́. Àwọn obìnrin Nàìjíríà, D'Tigress, gba ife ilẹ̀ Áfíríkà lọ́dún 2017, 2019, 2021, 2023 àti 2025, wọn ò fo ọ̀kan. Ní Olympics Paris lọ́dún 2024, wọ́n wọ ìpele ẹgbẹ́ mẹ́jọ tó kẹ́yìn, kò tíì sí ẹgbẹ́ Áfíríkà kankan tó ṣe bẹ́ẹ̀ rí nídìí básíkẹ́ẹ̀tì, ì báà ṣe tọkùnrin ì báà ṣe tobìnrin.

Káfíńtà kò fèsì. Ó bi ọmọ rẹ̀ pé, "Irin róbótó yẹn ńkọ́? Èmi kì í ṣe wẹ́dà."

Ọmọ ní àwọn ti lọ bá wẹ́dà kan l'Ọyẹ́, ó ti dárúkọ owó, owó náà sì pọ̀. Ìyá elélùbọ́ ní wẹ́dà Ọyẹ́ ti rí ọmọdé ló ṣe dárúkọ bẹ́ẹ̀, òun fúnra òun yóò lọ bá a nọ́jà lọ́jọ́ ọjà, ìdajì rẹ̀ ni yóò gbà. Bàbá tíṣà ní kó fi òun sílẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ ìnájà, ṣùgbọ́n òun yóò ra bọ́ọ̀lù náà bí èsì ìdánwò táàmù yìí bá dára.

"Bó bá dára," ni káfíńtà wí. "Bí kò bá dára, pákó yẹn di ilẹ̀kùn kọ́bọ́ọ̀dù."

Ó yọ téèpù lápò. Gbogbo wọn rò pé ara pákó tó fẹ̀yìn ti ògiri ló fẹ́ wọ̀n. Ó gba ẹ̀gbẹ́ pákó kọjá, ó lọ sẹ́nu ọ̀nà níbi tí ọmọ náà tẹ orí ba sí, ó ní kó dúró dáadáa, kó na ọrùn. Ó wọ̀n ọ́n láti àtẹ́lẹsẹ̀ dé àtàrí. Ó wá wọ̀n ẹnu ọ̀nà.

"Íǹṣì méjì ló fi jù ú lọ," ni ó wí, ó sì ké pe ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ kó gbé òòlù wá. "Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ gbé àtẹ́rígbà yìí sókè ná."